Fíìmù etíkun Ìlàjẹ tí ẹnikẹ́ni ò sọ̀rọ̀ nínú ẹ̀: ṣé ìpolówó nìyẹn?

Ìbéèrè láti ọ̀dọ̀ òǹkàwé kan ní Mọ́ọ̀rè, Ilé-Ifẹ̀:

Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Lálẹ́ Sátidé tó kọjá, wọ́n ta aṣọ funfun mọ́ ògiri nínú ọgbà kan ní Lágẹrẹ́, wọ́n sì fi fíìmù oníṣẹ́jú mẹ́sàn-án kan hàn wá. Ọmọ Ifẹ̀ ló ṣe é. Ó ní òun fi ń polówó etíkun Ìlàjẹ ni, kí àwọn èèyàn lè máa lọ gbafẹ́ níbẹ̀. Látìbẹ̀rẹ̀ dópin, kò sẹ́ni tó la ẹnu. Ìgbì òkun ń sá padà sẹ́yìn, àwọ̀n ń fò jáde látinú omi, igi àgbọn dorí kodò, ẹnì kan tó wọ màrìwò ń rìn bọ̀ látinú òkun. Kò sí orúkọ ìlú, kò sí ọ̀nà tí a máa gbà débẹ̀. Bàbá tó jókòó tì mí ní, "Ta ni wọ́n ń pè, ibo ni wọ́n sì ń pè é lọ?" Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ń bá kámẹ́rà ṣiṣẹ́ tipẹ́, ẹ jọ̀ọ́ ẹ dá mi lóhùn: ṣé ìpolówó nìyẹn, àbí wọ́n kàn fi àkókò wa ṣòfò?

*

Àbúrò mi, mo wà níbẹ̀. Ẹ̀yìn ni mo jókòó sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ jẹnẹrétọ̀, ariwo ẹ̀ ò sì jẹ́ kí n gbọ́ ìdajì ohùn fíìmù náà. Mo lọ gba fáìlì ẹ̀ lọ́wọ́ ẹni tó ṣe é, mo ki íapíìsì bọ etí, mo wò ó lẹ́ẹ̀mẹ́ta kí n tó jókòó kọ èyí.

Ìpolówó ni. Ó wù mí, ó sì tún bí mi nínú. Ṣùgbọ́n ohun tó bí mi nínú yàtọ̀ sí èyí tí ọ̀pọ̀ yín ń bínú sí. Ẹ jẹ́ ká mú un díẹ̀díẹ̀.

*

Nínú èsì tí àwọn òǹkàwé yòókù ti fi ránṣẹ́ lórí ìbéèrè yìí, àwọn kan ní fíìmù tí kò bá ti ní aṣàlàyé, eré ọmọ yunifásítì ni, kò lè mú ẹnikẹ́ni gbéra nílé. Àwọn kan ní ó rẹwà, ká fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ọ̀gá kan tó ń ya fíìmù ìgbéyàwó ní Sábó wá ní kí wọ́n fi drone ya etíkun náà láti òkè, kí wọ́n fi orin tó ń lọ lọ́wọ́ sí i, kí arẹwà obìnrin kan máa rìn lórí iyanrìn, ó parí.

Ọ̀gá mi, ẹ má bínú, fíìmù tí ẹ ń sọ yẹn, gbogbo wa la ti wò ó. Ẹ yọ orúkọ Ìlàjẹ kúrò níbẹ̀, ẹ fi Èkó sí i, tàbí Àkrá, tàbí Dubai, kò sẹ́ni tó máa fura. Ṣùgbọ́n àwọ̀n tó ń fò jáde látinú omi, tí ó ń ṣẹ́jú nínú oòrùn, tí ó wá rọra ká jọ padà sí apá apẹja bí aṣọ tí wọ́n ń ká, láti Sátidé ló ti ń bá mi sùn tó ń bá mi jí. Mo ti rí i tí wọ́n ń ju àwọ̀n láìmọye ìgbà. Ìgbà tí wọ́n yí i sẹ́yìn yìí ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ rí bí apá ṣe ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀.

Ní ti pé kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀, ó ti pẹ́ tí wọ́n ti ń fi irú fíìmù bẹ́ẹ̀ kéde nǹkan. Ní 1935, Len Lye, ọmọ New Zealand, ṣe fíìmù kékeré kan tó ń jẹ́ A Colour Box fún ilé iṣẹ́ ìfìwéránṣẹ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì. Kò tilẹ̀ gbé kámẹ́rà. Ó mú ọ̀dà, ó kùn ún sára téèpù fíìmù náà gan-an, àwọ̀ wá ń jó tẹ̀lé orin. Ẹ ò ní rí ojú èèyàn kankan níbẹ̀. Ní 1958 ẹ̀wẹ̀, ilé iṣẹ́ ìrìn-àjò afẹ́ ilẹ̀ Faransé gbé iṣẹ́ fún Agnès Varda pé kó ṣe fíìmù etíkun gúúsù ilẹ̀ wọn. Aṣàlàyé wà nínú tiẹ̀, ṣùgbọ́n dípò kó máa yin òkun, àwọn àlejò fúnra wọn ló gbájú mọ́, àti agboòrùn wọn, àti bí wọ́n ṣe ń tẹ́ ara wọn sílẹ̀ fún oòrùn.

Ìjọba ló san owó iṣẹ́ méjèèjì. Ṣùgbọ́n ẹ wo nǹkan kan nínú ti 1935 yẹn: lẹ́yìn gbogbo ijó àwọ̀, ọ̀rọ̀ jáde lójú fíìmù pé owó tí wọ́n fi ń fi ẹrù ránṣẹ́ ti wálẹ̀. Ó jẹ́ iṣẹ́ tí wọ́n rán an. Ibẹ̀ lèmi àti bàbá tó jókòó tì ọ́ ti fohùn ṣọ̀kan. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ẹ̀ẹ́dógún péré ni mo ń bẹ̀bẹ̀ fún níparí: ká rí orúkọ Ìgbókòdá, ká kà á pé láti Ifẹ̀ a máa gba Oǹdó, ká já sí Ọ̀rẹ̀, ká kọjá Òkìtìpupa, ká dé Ìgbókòdá, ibẹ̀ la sì ti máa wọ ọkọ̀ ojú omi. Owó ọkọ̀ ni kí wọ́n má kọ. Bí owó epo ṣe ń lọ tó ń bọ̀ yìí, ọ̀rọ̀ náà á ti di irọ́ kó tó pé oṣù kan.

*

Sí ẹni tó ní "iṣẹ́ ọ̀lẹ ni, ó kàn yí fíìmù sẹ́yìn":

Lóòótọ́, yíyí i sẹ́yìn ò le, bọ́tìnì kan ni. Ṣùgbọ́n ẹ padà wo ibi tí omi ti ń wọlé tó ń jáde bí àyà ẹni tó ń mí, tí ìkùukùu ń sáré kọjá lórí ẹ̀. Ogójì ìṣẹ́jú àáyá ni ibẹ̀ gbà. Fọ́tò kọ̀ọ̀kan ló ń yà níbẹ̀, ìkan ní ìṣẹ́jú àáyá márùn-ún márùn-ún. Ìṣẹ́jú àáyá kan nínú fíìmù ń jẹ fọ́tò 24. Ẹ bá mi ṣírò ẹ̀: fọ́tò 960 nìyẹn, wákàtí kan àti ogún ìṣẹ́jú lórí ìdúró, kí kámẹ́rà má sì yẹ̀ ní ìwọ̀n èékánná. Inú ẹrẹ̀ ló sì ti ṣe é. Ó sọ fún mi pé ẹsẹ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tí òun gbé kámẹ́rà lé ń rì díẹ̀díẹ̀, ìgbà tí ẹlẹ́ja kan fún òun ní pákó pé kí òun tẹ́ sábẹ́ ẹ̀ ni ó tó dúró. Ọ̀lẹ wo ló ń ṣe bẹ́ẹ̀?

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń béèrè ohun tí iyọ̀ òkun ń ṣe fún kámẹ́rà, ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo lọ sí Ìgbókòdá, òkú àgbà kan ni mo lọ yà. Wọ́n ní ká wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí abúlé olóògbé. Omi ń ta sí wa lára ní gbogbo ọ̀nà, bí dígí kámẹ́rà ṣe ń ṣú ni mo ń fi etí ẹ̀wù nù ún. Mi ò mọ̀ pé iyọ̀ àti iyanrìn ni mo ń fi ra dígí. Nígbà tí mo délé, ilà tẹ́ẹ́rẹ́ ti kún ojú ẹ̀. Lẹ́yìn oṣù kan, ibi tí a fi ń fa àwòrán súnmọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í dún gìrìgìrì, ẹni tó tú u sì fi hàn mí bí iyọ̀ ṣe jẹ àwọn irin inú ẹ̀. Odindi owó iṣẹ́ òkú náà ni mo fi ra òmíràn. Láti ìgbà náà, omi tó mọ́ nínú ìgò kékeré àti aṣọ òwú rírọ̀ kì í wọ́n nínú àpò mi: omi ni kí ẹ kọ́kọ́ fi ṣan iyọ̀ náà kúrò lára dígí, ẹ tó fi aṣọ kàn án. Ọ̀rá ni kí ẹ fi wé ara kámẹ́rà. Ẹ sì fi nǹkan onírun bo máíkì, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ atẹ́gùn òkun nìkan lẹ máa gbọ́, hùùù, títí ilẹ̀ á fi ṣú.

*

Ẹnì kan béèrè pé kí ló pa ọmọ Ifẹ̀ pọ̀ mọ́ òkun, nígbà tó jẹ́ pé igbó ló yí wa ká.

Ẹ̀gbọ́n, Ifẹ̀ tí a wà yìí ni Igbó Olókun wà. Ibẹ̀ làwọn awalẹ̀pìtàn ti hú ìlẹ̀kẹ̀ dígí jáde lọ́pọ̀ yanturu, pẹ̀lú ìkòkò tí wọ́n fi ń yọ́ dígí, ìwádìí sì ti fi hàn pé àwọn baba ńlá wa fúnra wọn ló ń ṣe dígí ọ̀hún níbẹ̀, láti ohun tí ilẹ̀ wa ní, ó ti ju 500 ọdún lọ. Orúkọ òrìṣà òkun ni wọ́n fi pe ibi tí ọrọ̀ ìlú ti ń jáde. Nígbà tí wọ́n sì dá ilé eré sílẹ̀ ní Arùbìdì ní 1968, Orí Olókun ni wọ́n sọ ọ́. A ò gbọ́ ariwo òkun láti Ẹnuwá, ṣùgbọ́n orúkọ ẹ̀ ò kúrò lẹ́nu wa rí.

Èyí ló gbé mi dé ìbínú mi àkọ́kọ́, ẹni tó wọ màrìwò yẹn.

Gbogbo ọmọ Ifẹ̀ tó wà nínú ọgbà lálẹ́ ọjọ́ náà ló mọ ohun tó jẹ́. Ẹ̀yin náà gbọ́ bí wọ́n ṣe hó. Ìtàn Mọ̀rèmi ni: àwọn ará Ugbò tí wọ́n ń wọ ìko wá kó wa lẹ́rù, tí a rò pé iwin ni wọ́n, títí Mọ̀rèmi fi jẹ́ kí wọ́n kó òun lọ, tó rí àṣírí wọn, tó sá wálé wá sọ pé iná lẹ máa fi bá wọn jà. A ń ṣe Ọdún Edì nítorí ẹ̀. Ère ẹ̀ tí Ọọ̀ni Adéyẹyè Ẹnìtàn Ògúnwùsì ṣíṣọ lójú ẹ̀ ní 2016 ga tó ẹsẹ̀ bàtà 42. Kò sí ohun tó burú nínú ká fẹ́ràn ìtàn wa.

Ṣùgbọ́n inú Ìlàjẹ ni Ugbò wà. Àwọn ará ibẹ̀ ní ìtàn tiwọn náà, wọ́n ní àwọn lonílé ní Ifẹ̀ kí Odùduwà tó dé, àti pé lílé ni wọ́n lé àwọn. Mi ò ní dá ẹjọ́ yẹn níbí, ó ju agbára mi lọ. Ohun tí mo ń sọ ni pé fíìmù tó ń polówó ilé onílé gba ojú wa wò wọ́n, ó fi wọ́n ṣe ẹni tó ń yọ jáde látinú omi wá dẹ́rù bani. Ìyá kan tó ń ta ẹja yíyan ní ọjà Odò-Ògbè wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi lálẹ́ ọjọ́ náà. Ọmọ Ìlàjẹ ni, ó ti ju ogún ọdún lọ tó ti ń gbé Ifẹ̀. Nígbà tí àwọn èèyàn hó, kò pàtẹ́wọ́. Ó ní, "Ẹ ní ẹ fẹ́ pe èèyàn wá sílé wa, ẹ wá fi wá ṣe ẹni tó ń kó èèyàn lọ."

Mi ò rí èsì fún un. Mo ṣì ń wá a.

*

Ní kúkúrú, nípa drone: ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sọ ọ́ bí ẹni ń sọ fóònù, ìwé àṣẹ ni wọ́n ń gbà fún un ní Nàìjíríà, láti ọ̀dọ̀ àjọ tó ń mójú tó ọkọ̀ òfuurufú àti láti ọ́fíìsì Olùdámọ̀ràn Ààrẹ lórí ètò ààbò. Etíkun ibi tí epo rọ̀bì wà sì kọ́ ni kí èèyàn ti lọ máa gbé nǹkan fò láìgbàṣẹ. Ọmọkùnrin yìí ò lo drone, mo sì dúpẹ́ fún un.

Nípa àwọn apẹja: ẹ kọ́kọ́ lọ kí baálẹ̀. Ẹ san owó fún ẹni tí ẹ bá dá iṣẹ́ dúró fún un. Ẹni tó ní kí apẹja ju àwọ̀n lẹ́ẹ̀mẹ́wàá fún kámẹ́rà ti gba àárọ̀ ọjọ́ kan lọ́wọ́ ẹ̀.

*

Sí ẹni tó kọ ọ́ pé "kò sẹ́ni tó ń fi ògiri tó ti wó polówó ilé":

Mo ti ń dúró de kí ẹnì kan sọ èyí, torí ibẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ wà.

Ọ̀pọ̀ nínú ohun tí a rí nínú fíìmù yìí, iyanrìn ni, iyanrìn tó mọ́ tó ń dán. Àràròmí ló ti yà á. Iyanrìn tí ẹ máa ń rí láti Èkó wá kì í bá etíkun Ìlàjẹ dópin. Bí èèyàn bá ń lọ sí ìlà-oòrùn, sí ọ̀nà odò Benin, ẹrẹ̀ ni etíkun náà, ẹrẹ̀ dúdú tó ń dán bí epo nígbà tí omi bá fà sẹ́yìn. Torí ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń kọ́lé sórí òpó, tí wọ́n ń fi pákó ṣe òpópónà, tí ọmọdé ọmọ ọdún mẹ́rin ń sáré lórí pákó kan ṣoṣo láìwo ilẹ̀. Ẹ sọ fún mi ibi mélòó tí ẹ ti lè rí irú ẹ̀ ní gbogbo ilẹ̀ Yorùbá. Ohun tó mú kí Ìlàjẹ jẹ́ Ìlàjẹ nìyẹn, ó sì gé e kúrò kó lè jọ ibòmíràn.

Ó tún kù. Ayétòrò wà níbẹ̀, ìlú tí àwọn onígbàgbọ́ kan tí wọ́n ń ṣe inúnibíni sí tẹ̀ dó ní 1947, tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ nígbà náà, tí wọ́n jọ ń jẹun, tí owó gbogbo ìlú ń wọ àpò kan náà. Àwọn àgbà ṣì ń sọ bí àwọn èèyàn ṣe máa ń ti ọ̀nà jíjìn wá wò ó. Òkun ti ń jẹ ìlú yẹn láti ọdún pípẹ́. Ilé ti lọ, òpópónà ti lọ, wọ́n ń sún sẹ́yìn, omi ń tẹ̀ lé wọn. Ẹ̀ẹ̀kan kọ́, ẹ̀ẹ̀mejì kọ́ ni wọ́n ti figbe ta.

Mo bi ẹni tó ṣe fíìmù yìí bóyá kò débẹ̀. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó wá ṣí kọ̀ǹpútà, ó fi ohun kan hàn mí. Ó ti yà á. Òpó igi tó dúró nínú òkun ni, òpó lásán, mẹ́jọ tàbí mẹ́sàn-án, ibi tí ilé wà tẹ́lẹ̀. Ìgbì dé, ó bò wọ́n mọ́lẹ̀. Ó ní òun yọ ọ́ nítorí ẹni tó fún òun lówó ní ó máa lé àlejò sá.

Mo ní kó yí i sẹ́yìn fún mi bó ṣe yí àwọn yòókù.

Ìgbì dìde kúrò lórí òpó. Omi fà lọ, ó fà lọ, òpó ń yọ jáde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó ń ga sí i, bí ẹni pé òkun ń dá ilé padà fún onílé. Àwa méjèèjì ò sọ̀rọ̀. Gbogbo omi tó ń sá sẹ́yìn nínú fíìmù náà, tí ẹ ń pè ní àṣejù, ibi tó ń lọ nìyẹn látìbẹ̀rẹ̀, ó sì gé orí ẹ̀ sọnù. Ohun tí àwọn ará Ayétòrò ń gbàdúrà fún ló yà yẹn, láìfi ọ̀rọ̀ kankan sí i. Aṣàlàyé tó bá sọ̀rọ̀ wákàtí kan ò lè sọ ọ́ tó bẹ́ẹ̀.

Nítorí náà, ẹ̀gbọ́n tó kọ̀wé, mi ò gbà pẹ̀lú yín. Àlejò tó bá débẹ̀ máa fojú ara ẹ̀ rí òpó yẹn. Bí a bá fi í pamọ́ fún un, á sọ pé a tan òun jẹ, kò sì ní padà wá. Bí a bá fi hàn án kó tó gbéra, á mọ ìdí tí òun fi ń bọ̀, owó tó bá ná lọ́jà Ìgbókòdá, lórí edé àti ẹja yíyan, á sì dé ọwọ́ ẹni tó nílò ẹ̀. Mo tún bẹ̀ yín, kí ẹnikẹ́ni má fi fíìmù kankan pe ọmọ Ifẹ̀ lọ lúwẹ̀ẹ́ níbẹ̀. Odò wa kọ́ nìyẹn. Ìgbì òkun lágbára láti fa géńdé lọ. Ká lọ wò ó, ká lọ gbọ́ ọ, ká wọ ọkọ̀ pẹ̀lú ẹni tó mọ ọ̀nà.

*

Àwọn tó ń béèrè nípa dátà: fáìlì tí mo gbà tóbi ju ohun tí ọ̀pọ̀ fóònù máa fẹ́ gbé lórí WhatsApp. Mo ti ní kó ṣe kékeré kan, ìṣẹ́jú kan péré, àwọ̀n àti òpó nìkan, pẹ̀lú orúkọ àti ọ̀nà. Oníṣẹ́jú mẹ́sàn-án ṣì máa wà fún ẹni tó bá fẹ́ jókòó. Mi ò sí lára àwọn tó ní kó gé e kúrú pátápátá.

*

Àbúrò mi tó béèrè, mo padà sọ́dọ̀ ẹ.

Èmi àti ọmọkùnrin náà pàdé lánàá ní ọjà Odò-Ògbè, lọ́dọ̀ ìyá ẹlẹ́ja. Ó kúnlẹ̀ bẹ ìyá nípa màrìwò yẹn, mi ò sọ fún un kó ṣe bẹ́ẹ̀. Ìyá ní kó dìde. Ó ní bí ó bá fẹ́ kí èèyàn kan jáde látinú omi, kó ya ọmọ ẹ̀gbọ́n òun obìnrin nígbà tó bá ń gbé àwọ̀n edé bọ̀ ní ìdájí, omi máa ń dé ibi àyà ẹ̀. Àwòrán yẹn ló máa rọ́pò màrìwò. Òpó inú òkun máa padà wọlé. Ẹnikẹ́ni ò ní ṣàlàyé síbẹ̀, ṣùgbọ́n ìyá gbà láti pe orúkọ àwọn abúlé etíkun náà ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ní ohùn ilé wọn, títí kan àwọn tí omi ti gbé lọ.

A ń lọ ní ọjọ́ Jímọ̀ tó ń bọ̀. Agogo márùn-ún ààbọ̀ ìdájí la máa wọkọ̀ ní ọ̀nà Oǹdó. Ọkọ̀ ṣì gba ẹnì méjì. Pákó tí a máa tẹ́ sábẹ́ ẹsẹ̀ kámẹ́rà ti wà nílẹ̀, ohun tí a ò ní ni ìbòrí onírun fún máíkì, tèmi ti gbó. Bí o bá mọ ẹni tó ní ní Mọ́ọ̀rè níbẹ̀, bá wa yá a. Kí ìwọ àti bàbá tó jókòó tì ẹ́ sì wá, kí òun fúnra ẹ̀ lọ wo ibi tí wọ́n ń pè é lọ.